Bọ́ọ̀lù Onígi àti Ìrèké Bàámi

Nígbà tí mo ṣì kéré ní Ìkẹ́nnẹ́, tí kò tíì sí fóònù lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni, tí ìyá tó bá fẹ́ rí ọmọ rẹ̀ yóò dúró sẹ́nu ọ̀nà tí yóò máa ké orúkọ rẹ̀ títí ọ̀fun yóò fi gbẹ, ẹgbẹ́ kan wà ní ìlú wa tí ọ̀pọ̀ ẹ̀yin ojúgbà mi á ti gbàgbé. Ẹgbẹ́ bọ́ọ̀lù onígi ni. Kì í ṣe bọ́ọ̀lù àfẹsẹ̀gbá tí gbogbo ayé mọ̀ o. Èyí tí mò ń wí, ẹnì kan á ju bọ́ọ̀lù, ẹnì kejì á fi igi gbá a, ẹni tó gbá a á sì sáré yípo títí yóò fi padà síbi tó ti gbéra. Ọdún mẹ́ta péré ni ẹgbẹ́ náà lò láyé. Mo mọ ẹni tó pa á.

Ọ̀gbẹ́ni Fámúyìwá ló dá a sílẹ̀. Tíṣà ni gbogbo wa ń pè é, nítorí ó ń kọ́ni ní ilé-ẹ̀kọ́ gíga tí ìjọ tó ń sinmi ní ọjọ́ Sátidé dá sílẹ̀ lẹ́bàá ìlú wa. Òyìnbó kan tó wá wàásù ló fi ìbọ̀wọ́ aláwọ díẹ̀ àti igi méjì sílẹ̀ fún un kó tó padà sí ìlú rẹ̀. Igi méjèèjì ò pẹ́ tí wọ́n fi ṣẹ́. Káfíńtà ló wá ń fi igi ọsàn gbẹ́ òmíràn fún wọn, òórùn ọsàn a sì máa ta síni nímú bí wọ́n bá ti gbá bọ́ọ̀lù. Bọ́ọ̀lù fúnra rẹ̀ ńkọ́? Òwú ni wọ́n ń wé, wọn a da oje igi rọ́bà lé e, wọn a sì fi awọ bàtà gbígbó rán an lókè. Tó bá ba ènìyàn, ó di ọjọ́ mẹ́ta kí ibi tó wú tó wálẹ̀.

Àpò gaàrí tí wọ́n rọ iyanrìn sí mẹ́rin ló wà ní pápá, lẹ́yìn oko obì. Ilé ni Tíṣà ń pe ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn: ilé kìn-ín-ní, ilé kejì, ilé kẹta, àti ilé gan-an, níbi tí eré ti bẹ̀rẹ̀ tó sì ń parí sí. Tí ẹnì kan bá ti dé ilé kẹta tí ọ̀nà sì là, Tíṣà á fi ìbọ̀wọ́ lu itan, á ké pé, "Wálé!" Onítọ̀hún á sì fi eré gé e wá sílé.

Ibi tí wàhálà wà nìyẹn, nítorí Wálé ni ẹ̀gbọ́n mi ń jẹ́.

Ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún ni, èmi jẹ́ mẹ́wàá. Ìwé ò wọ̀ ọ́ lórí, kò sì fẹ́ràn oko, àmọ́ ẹsẹ̀ rẹ̀ yá débi pé àwọn àgbà máa ń dúró wò ó tó bá ń sáré lọ pọnmi. Ní oṣù àkọ́kọ́ tí wọ́n ń kọ́ eré náà, ó wà ní ilé kẹta nígbà tí ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan pè é pé, "Wálé, òùngbẹ ń gbẹ ọ́ bí?" Bọ̀dá mi ò gbọ́ ju orúkọ lọ. Ó ki eré mọ́lẹ̀, wọ́n sì ti di bọ́ọ̀lù mú dè é nílé. A rẹ́rìn-ín títí ikùn ń dùn wá. Tíṣà náà rẹ́rìn-ín, lẹ́yìn náà ló ṣòfin: ní pápá, kò gbọdọ̀ sẹ́ni tó máa pe Wálé ní Wálé mọ́. Sámú ni kí gbogbo wa máa pè é, láti inú Sámúẹ́lì tí wọ́n fi ṣèrìbọmi fún un. Èmi tí mo jẹ́ àbúrò, Bọ̀dá Sámú ni mò ń pè é níbẹ̀, Bọ̀dá Wálé nílé. Ọmọ tó bá pe ẹ̀gbọ́n rẹ̀ lórúkọ lásán nílé wa, á kúnlẹ̀, á gbé ọwọ́ méjèèjì sókè títí apá á fi kú tipiri.

Bàámi ò fẹ́ gbọ́ nípa eré náà rárá. Tíṣà ò lè jáde lọ́jọ́ Sátidé nítorí ìsinmi ìjọ wọn, nítorí náà ọjọ́ Sọ́ńdè ni wọ́n ń ta á. Bàámi sì rèé, àwọn ló ń lu agogo ṣọ́ọ̀ṣì wa. Ẹ wo bí ó ti máa rí lára wọn, kí wọ́n fi agogo pe gbogbo ìlú wá sílé Olúwa, kí ọmọ tiwọn máa fi igi gbá bọ́ọ̀lù lẹ́yìn oko obì. Pàṣán wọn wà lẹ́yìn ilẹ̀kùn. Mo ti bá Màámi fi omi gbígbóná jó ẹ̀yìn Bọ̀dá lẹ́ẹ̀mélòó kan, kò sì sunkún rí. Tí a bá jọ ń bó obì lọ́jọ́ kejì, á máa ju èpo rẹ̀ sínú agbọ̀n látòkèèrè, á ní kí n máa ka iye tó wọlé.

Lọ́dún àkọ́kọ́, gbogbo ẹni tó bá ẹgbẹ́ wa ta ló nà wá. Ọdún kejì, a bẹ̀rẹ̀ sí í bá wọn dọ́gba. Nígbà tó di ọdún kẹta, a ti ń borí. Ìgbà náà ni lẹ́tà dé láti ọ̀dọ̀ àwọn tó ń bójú tó eré náà ní Abẹ́òkúta pé ẹgbẹ́ kan ṣoṣo ni wọ́n máa fi sílẹ̀ ní gbogbo Rẹ́mọ. Àwa àti Ṣàgámù ni yóò ta á. Ẹni tó bá borí á máa bá eré lọ, ẹni tó bá pàdánù á kó igi àti ìbọ̀wọ́ rẹ̀ fún ẹni tó borí. Ọkùnrin tó mú lẹ́tà wá sọ fún Tíṣà pé bí a bá borí, òun á mú Wálé lọ sí ilé-ìwé kan ní Abẹ́òkúta tí wọ́n ti ń ta irú eré bẹ́ẹ̀. Bọ̀dá mi ò sùn dáadáa mọ́ láti ọjọ́ yẹn. Kò ní nǹkan mìíràn tó ń retí láyé.

Ọjọ́ pé. Oòrùn mú, àwọn ará Òfin, àdúgbò kan ní Ṣàgámù, ti fi ọkọ̀ kó ara wọn dé, wọ́n ń kọrin pé àwọn á kó ẹrù wa lọ. Nígbà tí eré fẹ́ parí, ẹyọ kan ni wọ́n fi jù wá lọ. Ẹni kan péré ló kù fún wa: tí wọ́n bá tún fi bọ́ọ̀lù kan ẹnì kan nínú wa kó tó délé, eré parí. Wálé wà ní ilé kẹta, ẹni tó mọ igi gbá jù láàárín wa sì ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé igi dúró. Kí Wálé sáà ti dúró dè é, ó tán.

Mo bojú wẹ̀yìn. Mo rí Bàámi tí wọ́n ń bọ̀ láàárín igi obì, aṣọ ṣọ́ọ̀ṣì lọ́rùn, ọ̀pá gígùn kan lọ́wọ́ wọn. Wọn ò dé pápá yẹn rí. Ohun tó wá sí mi lọ́kàn ni pé wọ́n fẹ́ nà án lójú gbogbo ènìyàn. Mo fẹ́ sọ pé, "Bọ̀dá Sámú, Bàámi ń bọ̀!" Ẹ̀rù gbé Bọ̀dá lọ, ó gbé Sámú lọ, ó gbé Bàámi lọ. Ohun tó jáde lẹ́nu mi ò ju ọ̀rọ̀ kan lọ.

"Wálé!"

Ó sáré. Ẹni tó ń ju bọ́ọ̀lù fún Ṣàgámù ò tíì jù ú rárá. Ó kàn yíjú, ó sọ ọ́ sílé, wọ́n sì fi bọ́ọ̀lù kan ẹ̀gbọ́n mi láyà bó ti ń yọ̀ bọ̀ nílẹ̀. Rẹfirí na ọwọ́ sókè. Eré parí.

Tíṣà dúró lórí rẹ̀. "Ta ló pè ọ́?"

Bọ̀dá mi gbójú sókè, ó wá mi kiri láàárín èrò títí ojú wa fi ṣe mẹ́rin. Lẹ́yìn náà ló wolẹ̀. "Kò sẹ́ni tó pè mí, sà. Èmi ni mo kù gìrì sáré."

Bàámi ti dé ọ̀dọ̀ wa nígbà náà. Ìrèké ni wọ́n mú lọ́wọ́. Ọ̀pá ìrèké kan, wọ́n ti fi ọ̀bẹ họ ìdí rẹ̀ mọ́ tónítóní, bí wọ́n ṣe ń họ ọ́ fún wa tí a bá ṣàìsàn. Wọ́n nà án sí ọmọ wọn, wọ́n fi èdè Rẹ́mọ wa sọ fún un pé, "Gbà. Wo ṣeun," ìyẹn ni pé o ṣeun. Kò gbà á. Ó gba ẹ̀gbẹ́ wọn kọjá lọ. Ìrèké náà wà lẹ́yìn ilẹ̀kùn lẹ́gbẹ̀ẹ́ pàṣán títí ó fi gbẹ, kò sẹ́ni tó jẹ ẹ́.

Lọ́jọ́ kejì, Tíṣà kó ìbọ̀wọ́ àti igi sínú àpò, ó gbé wọn lọ sí Ṣàgámù. Ìlú ò dárí ji Bọ̀dá mi. Wọ́n ní ojúkòkòrò ló sún un sáré, pé òun nìkan ló fẹ́ gba ìyìn. Wálé-ò-délé ni àwọn ọmọdé ń pè é tó bá ń lọ pọnmi. Kò sáré mọ́, ó kàn ń rìn. Mo gbọ́ gbogbo rẹ̀, mo sì pa ẹnu mọ́, nítorí mo ń bẹ̀rù pàṣán. Kí ọdún náà tó parí, ó di ẹrù rẹ̀, ó lọ.

Nígbà yẹn, a ò ní fóònù, ohùn wa la fi ń pe ara wa, a sì ń gbọ́. Báyìí, nọ́ńbà rẹ̀ wà lọ́wọ́ mi. Ọ̀dọ̀ àwọn tó ń rọ irin lókè òkun ló wà. A máa ń kí ara wa, á béèrè àwọn ọmọ mi, èmi á béèrè òtútù ibẹ̀. Kò wá sìnkú Bàámi. Ilé-iṣẹ́ búlọ́ọ̀kù ló wà lórí pápá wa báyìí, àwọn ọmọ mi ò sì gbà mí gbọ́ pé wọ́n ń ta irú eré bẹ́ẹ̀ ní Ìkẹ́nnẹ́ rí. Ẹ̀yin ojúgbà mi tí ẹ fi í ṣe yẹ̀yẹ́ nígbà náà, mo ti sọ fún yín báyìí. Mi ò tíì sọ fún òun, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ó mọ̀.

Màámi ti darúgbó, ojú wọn ò ríran dáadáa mọ́. Lóṣù tó kọjá, wọ́n di ọwọ́ mi mú, wọ́n ní, "Pe ẹ̀gbọ́n rẹ. Sọ fún un kó wálé." Mo tẹ nọ́ńbà náà, ó gbé e. Mo pè é ní Bọ̀dá, mo bi í bí ara rẹ̀ ṣe le, ó sì ń dúró de ohun tí mo fẹ́ sọ. Ọ̀rọ̀ kan péré ló kù, kò sì jáde lẹ́nu mi.