Léèsì Tí Màmá Wọ̀ Wá Síbi Òkúta

Nígbà tí mo kọ́kọ́ ra kámẹ́rà, mo rò pé èmi ni n ó gba àwọn mẹ̀kúnnù là. Ẹ má fi mí rẹ́rìn-ín. Oǹdó ni mo ń gbé nígbà náà. Láràárọ̀ ni mo ń wọ ọkọ̀ lọ sí Àkúrẹ́, síbi tí àwọn obìnrin kan ti ń fi òòlù fọ́ òkúta fún àwọn tó ń kọ́lé. Mo fẹ́ kí ayé rí ìyà tó ń jẹ wọ́n.

Áà, àárò ibẹ̀ ń sọ mí! Òòlù á máa dún kọ̀ọ̀, kọ̀ọ̀, ẹ̀fẹ̀ ò sì ní dáwọ́ dúró. Wọ́n ní àtẹ́lẹwọ́ mi rọ̀ ju ẹ̀kọ lọ. Èyí tó dàgbà jù nínú wọn, Màmá ni gbogbo wa ń pè é. Ó máa ń tọ́jú ẹ̀pà sísè dè mí, ó ní ẹni tó ń gbé irú ẹrù yẹn léjìká kò gbọdọ̀ febi pa inú.

Lọ́jọ́ tí mo ní màá ya iṣẹ́ wọn gan-an, mo débẹ̀, kò sẹ́ni tó mú òòlù lọ́wọ́. Gbogbo wọn ti múra bí ẹni ń lọ sí ìkórè ṣọ́ọ̀ṣì. Màmá wọ léèsì funfun, ó wé gèlè, ó tún kun páúdà. Inú bí mi. Mo ní kí wọ́n lọ wọ aṣọ iṣẹ́ wọn wá.

Àwọn tó kù rẹ́rìn-ín, wọ́n lọ. Màmá jókòó sórí òkúta.

"Ọmọ mi, gbogbo ẹni tó ń kọjá ló ti rí mi nínú aṣọ uṣẹ́. Yà mí báyìí lẹ́ẹ̀kan péré, kí n tó padà sí ulé lọ pààrọ̀."

"Oòrùn ń lọ, Màmá. Tó bá yá."

Ó lọ pààrọ̀. Ó fọ́ òkúta bí mo ṣe fẹ́, ṣùgbọ́n kò bá mi ṣẹ̀fẹ̀ lọ́jọ́ náà.

Fíìmù náà dùn. Nígbà tí a gbé e hàn ní yunifásítì kan, àwọn ènìyàn sunkún. Inú mi dùn, kí n má purọ́.

Ní ọdún tó tẹ̀ lé e, ọmọ Màmá obìnrin tó ń gbé ní Ìjù wá mi wá sí Oǹdó. Màmá ti kú. Wọ́n ń wá fọ́tò tí wọn yóò fi ṣe pósítà ìsìnkú.

"Àwọn tí wọ́n jọ ń fọ́ òkúta ní èyí tó dáa wà lọ́wọ́ yín," ló wí.

Mo ṣí gbogbo ohun tí mo ní fún un. A jọ ń wò ó láti àárọ̀ títí di ọ̀sán: Màmá nínú ṣẹ́ẹ̀tì ọkọ rẹ̀ tó ti ya, Màmá pẹ̀lú eruku lójú. Mo rí i pé ọmọ náà ń fi etí ìró nu ojú.

"Èyí tí Màmá ti wọ léèsì ńkọ́?"

Mo ní kámẹ́rà ló bà á jẹ́. Irọ́ ni. Mi ò yà á.