Pèrègún tí Bàbá wa hú ní ààlà igbó ọba

Ẹ̀yin ọ̀rẹ́ mi, ẹ bá mi jókòó díẹ̀. Mo fẹ́ sọ bí oko kòkó wa ní Ìdànrè ṣe lọ. Ó ti pẹ́ o, ṣùgbọ́n ó ṣì ń dùn mí.

Inú igbó ọba, igbó tí ìjọba fòfin pa mọ́, ni oko náà wà. Ẹ má bínú, a ò jí ilẹ̀ ẹnikẹ́ni gbé! Bàbá bàbá mi ti ń dáko níbẹ̀ kí ìjọba tó sọ igbó náà di tìjọba. Nígbà tí ìjọba dé, wọ́n ní kí bàbá àgbà máa ṣe oko wọn lọ, kí wọ́n má ṣáà kọjá ibi tí wọ́n dé. Bàbá àgbà àtàwọn òṣìṣẹ́ igbó bá jọ gbin pèrègún yí oko náà ká. Ẹ ṣáà mọ̀ pé pèrègún la fi ń pààlà nílẹ̀ wa. Òun ni gbogbo ẹ̀rí tá a ní.

Àfi bí àwọn sójà ṣe gbé òfin ilẹ̀ tuntun jáde, kí wọ́n tó gbé ìjọba fáwọn olóṣèlú. Rédíò ní gbogbo ilẹ̀ ìpínlẹ̀ ti bọ́ sọ́wọ́ gómìnà. Háà, Òdòdé Ìdànrè gbóná! Àwọn kan ní wọ́n máa gba ilé lọ́wọ́ wa. Àwọn tó pọ̀ jù ní òfin àtijọ́ ti kú, igbó ọba ti parí nìyẹn, ilẹ̀ gbogbo ti di ọ̀kan. Aládùúrà ni wá, Bàbá wa sì fi àgbébọ̀ adìyẹ dúpẹ́ ní ṣọ́ọ̀ṣì!

Bàbá Múfútáù, tí oko wọn fara kan tiwa nínú igbó náà, ní kí Bàbá wa ṣe sùúrù, kí àwọn kọ́kọ́ lọ béèrè ní ọ́fíìsì igbó l'Ákùrẹ́. Ta ló fẹ́ gbọ́? Bàbá wa fi wọ́n ṣe yẹ̀yẹ́, wọ́n ní ojo ni wọ́n. Wọ́n ní òfin tó ti kú, kí ni ààlà rẹ̀ ń wá lóko àwọn? Ni wọ́n bá kó àwa ọmọ lẹ́yìn, a hú gbogbo pèrègún náà. Wọ́n ṣán igbó síwájú, wọ́n gbin kòkó tuntun. Èmi gan-an ń kọrin bí mo ṣe ń fà á tu. Kí ni mo mọ̀ nígbà yẹn?

Kòkó tuntun yẹn ti ń rúwé dáadáa nígbà tí ọ̀gá igbó kan dé pẹ̀lú àwọn gáàdì rẹ̀. Ìjọba alágbádá ti wọlé nígbà náà. Ó béèrè ẹni tó fún wa láyè. Bàbá wa rẹ́rìn-ín, wọ́n ní ṣé ọ̀gá ò gbọ́ òfin tuntun ni? Ọkùnrin náà ò bínú rárá. Ó ṣàlàyé pé òfin tuntun ò pa igbó ọba rẹ́, pé ohun tó jẹ́ igbó ọba lábẹ́ òfin àtijọ́, igbó ọba náà ló ṣì jẹ́. Ó ní kí Bàbá wa fi ààlà wọn han òun, kí òun gé kìkì kòkó tó kọjá á.

Ààlà wo? Bàbá wa nawọ́ síbí, wọ́n nawọ́ sọ́hùn-ún. Wọ́n ní ṣé ọ̀gá ò rí i pé kòkó tí bàbá àwọn gbìn ti dàgbà ni? Ọ̀gá ní àwọn tó ń yọ́ gbin kòkó sínú igbó, kòkó tiwọn náà ń dàgbà. Bàbá Múfútáù sáré wá jẹ́rìí, wọ́n tiẹ̀ dọ̀bálẹ̀. Ọ̀gá ní òun ò lè fi ọ̀rọ̀ ẹnu pààlà.

Wọ́n gé gbogbo rẹ̀! Àti tàtijọ́, àti tuntun. Èso sì ti ń pọ́n lórí àwọn àgbà kòkó náà. Ìyá mi ń ṣa á nílẹ̀, wọ́n ń sunkún. Wọn ò fọwọ́ kan oko Bàbá Múfútáù, torí pèrègún ààlà tiwọn ṣì wà níbẹ̀.

Àwọn ará ṣọ́ọ̀ṣì wá kí wa, wọ́n ní omi ló dànù, agbè ò fọ́. Irọ́ o! Agbè gan-an ló fọ́. Bàbá wa, tí wọ́n ń gba lébìrà tẹ́lẹ̀, di ẹni tó ń bá Bàbá Múfútáù ro oko ká lè rí jẹ. Bàbá Múfútáù ò fi wọ́n ṣe yẹ̀yẹ́ rí, Ọlọ́run á san án fún wọn. Lọ́jọ́ kan, Bàbá wa dédé sọ fún mi pé, “Ìjọba kọ́ ló gba ilẹ̀ mi. Ọwọ́ ara mi ni mo fi hú u.”

Abèèrè kì í ṣìnà, ẹ̀yin èèyàn mi. Bí òfin tuntun bá dé, ẹ má tètè sin ti àtijọ́. Ẹ béèrè èyí tó kú, ẹ béèrè èyí tó ṣì wà láàyè. Ká ní a wọ mọ́tò lọ s'Ákùrẹ́ nígbà yẹn ni!

Ẹ̀yin ńkọ́? Ṣé irú èyí ti ṣẹlẹ̀ nílé tiyín rí? Ẹ kọ ọ́ síbí, ẹ má tijú. Bàbá wa kú pẹ̀lú èrò pé àwọn nìkan ló gọ̀ tó bẹ́ẹ̀.