Lẹ́tà Mẹ́sàn-án Bàbá Fáìlì

Yàrá tí wọ́n ń kó ìwé sí ní ọ́fíìsì omi ìjọba wà lábẹ́ àtẹ̀gùn, fèrèsé rẹ̀ kan ṣoṣo sì dojú kọ ògiri. Níbẹ̀ ni ọkùnrin tí gbogbo wọn ń pè ní Bàbá Fáìlì ti lo ọdún mẹ́rìnlélọ́gbọ̀n. Kò sí ìwé tó wọlé tí kò kọ́kọ́ fún ní nọ́ńbà, kó tó lù ú ní òǹtẹ̀. Ìgbàgbọ́ rẹ̀ ni pé fáìlì tó bá ṣì ń rìn láti tábìlì dé tábìlì kò tíì kú. Ìgbàgbọ́ yìí ló kó bá a.

Ọdún mẹ́sàn-án sẹ́yìn, wọ́n lẹ orúkọ àwọn tí wọ́n gbé ga mọ́ pátákó. Òun ni ipò olórí ẹ̀ka kàn, òun ló sì yege jù nínú ìdánwò. Obìnrin tí òun fúnra rẹ̀ kọ́ níṣẹ́ ni wọ́n fi síbẹ̀. Bàbá Fáìlì gba ọ̀dọ̀ ọ̀gá àgbà lọ.

"Àṣìṣe ni, Bàbá," ni ọ̀gá wí. "Ẹ kọ lẹ́tà, a ó yẹ̀ ẹ́ wò. Ẹ ṣáà má gbé wa lọ sí kóòtù o. Sùúrù ni baba ìwà."

Ó kọ ọ́. Wọn kò fèsì. Nígbà tí ọdún yí po, ó kọ ìránnilétí, ó sì sọ ọ́ di iṣẹ́ ọdọọdún. Ọ̀gá mẹ́ta wá, ọ̀gá mẹ́ta lọ.

"Baálé mi," ni ìyàwó rẹ̀, tó ń ránṣọ, sọ lọ́jọ́ kan, "ṣé lẹ́tà ìfẹ́ ni? Olólùfẹ́ yín ò kúkú dáhùn."

"O ò mọ iṣẹ́ ìjọba. Ọ̀rọ̀ náà ń rìn."

"Ó ń rìn lóòótọ́. Ibo ló ń lọ?"

Nígbà tó ku oṣù mọ́kànlá kó fẹ̀yìn tì, tí kò fẹ́ kúrò nípò kékeré yẹn lọ sílé, ó kó ẹ̀dà lẹ́tà mẹ́sẹ̀ẹ̀sán lọ bá lọ́yà. Lọ́yà, obìnrin tí kò ju ọmọ rẹ̀ lọ, kà wọ́n tán, ó sì gbé bírò sílẹ̀.

"Bàbá, oṣù mẹ́ta lòfin fún yín láti pẹjọ́, láti ọjọ́ tí wọ́n ti lẹ orúkọ."

"Ṣé o ò rí lẹ́tà ni? Mi ò dákẹ́ rí!"

"Lẹ́tà kì í dá ọjọ́ dúró, sà. Ẹ gbé iná sórí òrùlé, ẹ wá sùn."

"Èmi sùn? Mo ń kọ̀wé ni!"

"Lójú kóòtù, ọ̀kan náà ni."

Síbẹ̀ ó bá a pẹjọ́, ó ní kí ilé ẹjọ́ foríji ìfalẹ̀ náà. Wọ́n sún ẹjọ́ náà síwájú lẹ́ẹ̀mẹrin. Lọ́jọ́ ìdájọ́, ohùn adájọ́ rọ̀.

"Wọ́n rẹ́ ọ jẹ, ó hàn. Ṣùgbọ́n obìnrin yẹn ti gòkè lẹ́ẹ̀mejì, àwọn mìíràn sì ti gbapò lẹ́yìn rẹ̀. Bí mo bá gbé ọ gòkè lónìí, ta ni kí n sọ̀ kalẹ̀ nínú wọn?"

"Olúwa mi, àwọn ni wọ́n ní kí n ní sùúrù!"

"Ṣé wọ́n kọ ìyẹn sílẹ̀?"

Nínú gbogbo ohun tó ti gba ọwọ́ Bàbá Fáìlì kọjá, ọ̀rọ̀ yẹn nìkan ni kò ní nọ́ńbà. Adájọ́ da ẹjọ́ náà nù.

"A lè pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn," ni lọ́yà wí níta. "Ó lè gbà tó ọdún méjì."

"Oṣù mẹ́rin ló kù fún mi níbi iṣẹ́."

Ọkùnrin náà wo aago. Agogo méjì ni àyè tó gbà lọ́wọ́ ọ̀gá tuntun láti wá sí kóòtù máa tán, ibùdókọ̀ sì jìn. Ó sáré sọdá títì.