Ọjọ́ Tí Mama Yọ Wáyà Géèmù Wa

N kò lè gbàgbé ọjọ́ Sunday tí oko inú géèmù wa bàjẹ́ nílé wa ní Lithonia, ní Amẹ́ríkà.

Èmi àti Mama Ìbàdàn, ìyá dádì mi, la jọ dá oko náà. Mama ló sọ màlúù wa ní Àdùkẹ́.

Lọ́nà ṣọ́ọ̀ṣì, Mama ní, "Mo ti yọ gbogbo wáyà lára ògiri, kí iná má baà jólé."

Àyà mi já. Géèmù ṣì ń tọ́jú iṣẹ́ wa lọ́wọ́ nígbà tí a jáde; bí iná bá kú mọ́ ọn lójijì, gbogbo rẹ̀ lè bàjẹ́. N kò gbọ́ ìwàásù.

Nígbà tí a délé, fáìlì oko kò ṣí mọ́. Ẹ̀gbọ́n mi pa á rẹ́, ó sì ń fa ẹ̀dà ti àná wálẹ̀ láti orí íńtánẹ́ẹ̀tì.

"Àdùkẹ́ dà?" ni Mama ń bèèrè ṣáá.

Nígbà tí màlúù yọjú, Mama mí kanlẹ̀.

Láti ọjọ́ náà, Mama tí kì í gbàṣẹ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni máa ń dúró ti ògiri kí a tó jáde, á bi mí pé, "Ọkọ mi, ṣé kí n yọ ọ́?"