Ọ̀rọ̀ Tí Ọkọ Mi Pààrọ̀ fún Mi

Akólòlò ni mí. Mo tètè sọ ọ́, kí ẹ má baà máa wo ẹnu mi. Láti kékeré, ọ̀rọ̀ tó bá ti fi b, d tàbí k bẹ̀rẹ̀ máa ń há sí mi lẹ́nu.

Nígbà tí bàbá mi pé ọgọ́rin ọdún, a fẹ́ ṣe ìdúpẹ́ ní ṣọ́ọ̀ṣì wọn ní Oǹdó. Èmi ni àkọ́bí, èmi ló yẹ kí n sọ̀rọ̀ nípa wọn, mo sì ti kọ ọ̀rọ̀ náà sínú ìwé. Àǹtí mi kan pè mí lórí fóònù pé kí n jẹ́ kí àbúrò mi ọkùnrin bá mi kà á, kí ojú má baà tì mí. Inú bí mi gan-an! Bàbá tó tọ́ mi, ṣé ẹnu ẹlòmíràn ni kí n fi dúpẹ́ lọ́wọ́ wọn? Tí wọ́n bá wá lọ tán, ta ni n óò rí sọ ọ́ fún?

Ọkọ mi ló yọ mí. Nílé wa ní Àkúrẹ́, tí a bá ti jẹun tán, èmi á máa ka ìwé náà sókè, òun á di pẹ́ńsù mú. Ibi tí mo bá ti kọsẹ̀, á fagi lé ọ̀rọ̀ ibẹ̀, á wá òmíràn tó jọ ọ́. "Mo dúpẹ́" di "mo mọ oore." "Wọ́n kọ́ mi" di "wọ́n fọ̀nà hàn mí." "Wọ́n bọ́ mi" di "wọ́n fún mi lóúnjẹ." Ó ní kí n fọkàn balẹ̀, ọ̀nà kan ò wọ ọjà. A dé ibi ọ̀rọ̀ kẹ̀kẹ́ ológeere tí bàbá mi fi ń gbé mi lọ síléèwé, ọkọ mi kọ "ohun ìrìnnà ẹlẹ́sẹ̀ méjì."

"Ẹ jọ̀ọ́," mo ní, "ṣé wọ́n fẹ́ lọ gba nọ́ńbà ọkọ̀ ni?"

A rẹ́rìn-ín títí omi bọ́ lójú mi.

Ó wá ku "bàbá." Ó ní kí n sọ pé "òbí mi ọkùnrin." Mo ní láéláé, n kò níí pe ẹni tó bí mi bí ẹni tó ń kọ fọ́ọ̀mù.

"Bó pẹ́ bó yá, akólòlò á pe baba," ló fi bá mi ṣẹ̀fẹ̀. Mo pòṣé. Ẹni tó pa òwe yẹn kò dúró níwájú ìjọ rí. Síbẹ̀, mo ní kó fi ọ̀rọ̀ náà sílẹ̀ bó ṣe wà.

Lọ́jọ́ Ìsinmi náà, ìwé ń lọ wẹ́rẹ́. Àwọn ọ̀rọ̀ tí ọkọ mi pààrọ̀ ń jáde lọ́kọ̀ọ̀kan, àǹtí mi la ẹnu sílẹ̀. Háà, Ọlọ́run ló mọ bí mo ṣe fẹ́ràn ọkùnrin yẹn tó lọ́jọ́ náà! Mo wá dé ìlà ìkẹyìn, níbi tí mo ti fẹ́ kọjú sí bàbá mi kí n sì pè wọ́n.

"B... b... b..."

Ètè mi pa dé. Ẹnì kan wúkọ́. Àbúrò mi ti ń dìde bọ̀ láti gba ìwé lọ́wọ́ mi.

Bàbá mi na ọ̀pá wọn, wọ́n fi dí i lọ́nà. Wọ́n wò mí láti orí àga wọn.

"Òo, ọmọ mi," ni wọ́n dá mi lóhùn, "mo ti gbọ́."