Òwú Pupa Màdáámù Haruko

Màmá Délé ni ẹni àkọ́kọ́ tó ṣe mí níkà ní Houston. Mo dárúkọ rẹ̀, nítorí òun náà kò fi orúkọ mi pamọ́ nígbà tó ń bà á jẹ́.

Ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1980, inú àpátímẹ́ńtì rẹ̀ ní àdúgbò Gulfton ni mò ń gbé. Èmi tí mo ti ṣe olùkọ́ ní Ìbàdàn wá ń ránṣọ lọ́dọ̀ Màdáámù Haruko, ará Japan tí ọkọ rẹ̀, sójà Amẹ́ríkà kan, mú wá síbẹ̀, tó sì kú fi òun àti máṣíìnì kan sílẹ̀. Bí ẹ bá yí inú aṣọ tó rán síta, ẹ kò ní mọ̀ pé inú ni. Ọ̀dọ̀ rẹ̀ ni ìjọ Aládùúrà wa ti ń rán sùtánà. "Màmá Japan" ni wọ́n ń pè é.

Kì í gé aṣọ funfun tí kò tíì wọ omi. Á rẹ ẹ́, á sá a, á wá fi òwú pupa rán etí rẹ̀, kí ẹni tó bá mú àlùmọ́gàjí lè mọ̀ pé aṣọ náà ti súnkì tán.

Nígbà tí ìkórè ń bọ̀, Màdáámù lọ kí ọmọ rẹ̀ ní Dallas. Ọ̀sẹ̀ yẹn ni Màmá Délé, olórí àwọn ìyá ìjọ, kó aṣọ àwọn akọrin wá.

"Wòlíì ti gbàdúrà sí aṣọ yìí o. Kò gbọdọ̀ wọ inú omi aláìgbàgbọ́."

"Màmá, yóò súnkì o."

"Ta ló fún ọ nílé gbé? Ṣé Haruko ni?"

Mo gé e bẹ́ẹ̀, mo sì rán an tán kí Màdáámù tó dé.

Ìgbà tí wọ́n fọ̀ ọ́ lẹ́ẹ̀kan péré, sùtánà tó ń gbálẹ̀ fò dé àárín ojúgun. Àwọn akọrin dà bí ọmọ ilé-ìwé tó ti dàgbà ju yunifọ́ọ̀mù rẹ̀ lọ. Màmá Délé kó gbogbo rẹ̀ wá sí ṣọ́ọ̀bù, lójú àwọn oníbàárà.

"Olè! O gé aṣọ wa jẹ!"

Màdáámù yí etí aṣọ kan síta. Kò sí òwú pupa níbẹ̀. Ó wò mí títí. Lẹ́yìn náà ló tẹrí ba fún Màmá Délé.

"Ṣọ́ọ̀bù mi ló jẹ̀bi. Màá tún gbogbo rẹ̀ rán."

Mo tẹjú mọ́ máṣíìnì, n kò dárúkọ ẹni tó ní kí n má rẹ ẹ́. Ibi tí màá sùn ni mò ń rò.

Orúkọ olè yẹn rìn dé Stafford, ìlú tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ Houston. Àwọn oníbàárà ń dín kù, Màdáámù kò sì bi mí ní nǹkan kan. Ní ọjọ́ kan, ó gbé òwú pupa náà síwájú mi.

"Láti òní lọ, ìwọ ni kí o máa fi rán etí aṣọ."

Ìbá sàn kó gbá mi létí. Lọ́jọ́ Ìsinmi, mo dìde nínú ìjọ lásìkò ẹ̀rí, mo sì sọ gbogbo rẹ̀. Kí ilẹ̀ tó ṣú, ẹrù mi ti wà níta ilé Màmá Délé. Oṣù mẹ́ta ni mo fi sùn ní ẹ̀yìn ṣọ́ọ̀bù. Àwọn kan padà wá ránṣọ. Àwọn kan ní aláìmoore ni mí. N kò tíì dárí jì wọ́n.

Nígbà tí ojú Màdáámù kò ríran dáadáa mọ́, ó fi kọ́kọ́rọ́ lé mi lọ́wọ́. Ó jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé, ó ń mu tíì rẹ̀, lọ́jọ́ tí Màmá Délé wọlé pẹ̀lú aṣọ funfun nínú ọ̀rá. Kò bẹ̀ wá. Ó wo Màdáámù, ó wò mí, ó gbé aṣọ náà sórí tábìlì.

"Ẹ jọ̀ọ́," ó ní, "ẹ bá mi rẹ ẹ́ sómi kí ẹ tó gé e."