Ẹlẹ́ṣin Ará Póláǹdì àti Ogun Àwọn Abiyamọ

Ọdún mọ́kànlá ni mo fi kọ́ ẹ̀kọ́ ìtàn ní ilé-ìwé aládàáni kan ní Jikpan, ní ìlú Minna. Nínú gbogbo ohun tí mo kọ́ àwọn ọmọ, ọ̀kan wà tí mo fẹ́ràn jù: ìtàn ọ̀gágun ẹlẹ́ṣin kan, ọmọ ilẹ̀ Póláǹdì. Ó bá àwọn ará Rọ́ṣíà jà nítorí ilẹ̀ baba rẹ̀, wọ́n ṣẹ́gun rẹ̀. Wọ́n tún purọ́ mọ́ ọn pé ó gbìmọ̀ láti pa ọba, ló bá di ìsáǹsá. Nígbà tí kò ríbi forí pamọ́ sí mọ́, ó sọdá òkun lọ sí Amẹ́ríkà, níbi tí àwọn ará ibẹ̀ ti ń bá àwọn Gẹ̀ẹ́sì jà fún òmìnira. Kò gbọ́ èdè wọn dáadáa. Síbẹ̀, ó kọ́ àwọn ọmọ ogun wọn bí a ṣe ń ti orí ẹṣin jagun. Àwọn kan nínú àwọn ọ̀gágun tó wá ràn lọ́wọ́ ló tún ń fẹjọ́ rẹ̀ sun olórí ogun, pé àjèjì wo ni yóò máa pàṣẹ níwájú àwọn. Ọta àgbá ló bà á lórí ẹṣin. Ó kú kí òmìnira náà tó dé.

Bàbá mi ló gbin ìfẹ́ ẹṣin sí mi nínú. Ọmọ Ìlọrin ni, iṣẹ́ Kùránì ló gbé e wá sí Minna. Tó bá ti kọ́ àwọn ọmọ kéwú tán, yóò máa ròyìn àwọn ẹṣin tó rí ní kékeré fún mi. Bóyá ìdí nìyẹn tí ìtàn ará Póláǹdì yẹn fi máa ń dùn lẹ́nu mi bí ẹni pé ẹbí mi ni.

Lọ́jọ́ kan, ọmọbìnrin kan nawọ́ ní kíláàsì. Hausa ló máa ń kọ́kọ́ bọ́ sí àwọn ọmọ wa lẹ́nu.

“Malam, me ya kai shi?” Ó ń béèrè pé kí ló gbé ọkùnrin náà débẹ̀.

Mo ní, “Ẹni tí ìyà bá ti jẹ rí, ó máa ń tètè gbọ́ igbe ẹlòmíràn.”

Mo gba ohun tí mo sọ yẹn gbọ́ nígbà náà.

Ilé-ìwé wa ní òfin kan. Olùkọ́ tó bá ti wọlé láàárọ̀ kò gbọdọ̀ jáde títí aago mẹ́ta, kò sì gbọdọ̀ gbé ọmọ ọwọ́ wá. Àwọn abiyamọ márùn-ún ló wà láàárín wa. Èyí tó kéré jù nínú wọn ń kọ́ ẹ̀kọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Ó wá sìnrú ìlú ní Minna, ó rí ọkọ, ó sì dúró. Kpakungu ló ń gbé, obìnrin àgbàlagbà kan tí wọ́n jọ wà nínú ọgbà kan náà ló ń bá a tọ́jú ọmọ rẹ̀ olóṣù mẹ́rin. Mo fẹ́ràn rẹ̀ bí àbúrò. Ẹ̀gbọ́n ló máa ń pè mí.

Ní ọjọ́ tí mo ń wí yìí, ó ń kọ nǹkan sójú pátákó nígbà tí wàrà ya bo bùláòsì rẹ̀. Àwọn ọmọ bú sẹ́rìn-ín. Ó sáré wọ yàrá àwọn olùkọ́, ó da ìborùn bo àyà, ó sì bú sẹ́kún.

“Ẹ̀gbọ́n, ọmọ mi ti ń kọ ọmú,” ló wí. “Omi ògì ló fi ń gbé ọjọ́. Ẹ bá wa sọ̀rọ̀. Ìwé iṣẹ́ tiyín ti dúró, wọn ò lè ṣe yín ní nǹkan kan.”

Àwọn mẹ́rin yòókù gbè é lẹ́sẹ̀. Ní àkókò ìsinmi, a pàdé lábẹ́ igi dógóyárò tó wà lẹ́yìn ilé-ìgbọ̀nsẹ̀. Èyí tó dàgbà jù ní àgbájọ ọwọ́ la fi ń sọ̀yà. Mo kọ lẹ́tà náà: kí wọ́n fún wọn ní yàrá kan tí ọmọ yóò máa sùn sí, tàbí kí wọ́n jẹ́ kí wọ́n máa lọ fún ọmọ lọ́mú ní ìsinmi. Orúkọ mi ló ṣáájú. Àwọn márààrún fọwọ́ sí i tẹ̀lé mi.

Ìyàwó mi ń bó ẹ̀gúsí nígbà tí mo ròyìn fún un.

“Kí ló dé tí kò sí ìkankan nínú wọn tó fi orúkọ tirẹ̀ ṣáájú?” ló béèrè.

“Ẹ̀rù ń bà wọ́n ni.”

“Ẹ̀yin ńkọ́?” Ó da èèpo ẹ̀gúsí sílẹ̀. “A ò tíì bímọ, bàbá. Ẹ mọ ohun tí wọn ó sọ.”

Mo ní ọ̀rọ̀ kò rí bẹ́ẹ̀.

Lẹ́yìn ọjọ́ mẹ́ta, Màdáámù tó ni ilé-ìwé náà pe àwọn abiyamọ wọlé lọ́kọ̀ọ̀kan. Èmi ló pè kẹ́yìn. Ìwé márùn-ún wà níwájú rẹ̀.

“Malam, ina ruwanka?” Kí ló kàn mí nínú ọ̀rọ̀ àwọn obìnrin?

Ó ti àwọn ìwé náà sọ́dọ̀ mi. Gbogbo wọn ló kọ ọ́ pé èmi ni mo rọ àwọn, pé àwọn kò ka lẹ́tà náà tán kí àwọn tó fọwọ́ sí i. Mo ń kà á, mo ṣì ń wá àwíjàre fún wọn nínú ọkàn mi. Ìgbà tí mo kan ìwé karùn-ún, mo kà á lẹ́ẹ̀mejì. Mo mọ ọwọ́ ìkọ̀wé àbúrò mi náà. Ó ní mo dẹ́rù ba òun. Ó ní ọ̀rọ̀ ọmú tí mo ń sọ kiri kò yé òun, pé òun tilẹ̀ ti ń yẹra fún mi tipẹ́.

Mo bi Màdáámù pé ṣé ó gba ìyẹn gbọ́. Ìwé ìdádúró níṣẹ́ ló nà sí mi.

Mo kó àwọn ìwé mi sínú báàgì gánà kan. Yàrá àwọn olùkọ́ kún, ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó gbójú sókè. Ọ̀kan nínú àwọn abiyamọ náà ń gún abẹ́rẹ́ mọ́ ìborùn rẹ̀, ó ń tú u, ó tún ń gún un.

Ohun tó wá tún dùn mí ni pé a borí. Ní sáà tó tẹ̀lé e, mo gbọ́ pé Màdáámù ti ya yàrá kan sọ́tọ̀ fún àwọn ọmọ ọwọ́, pé ó gbé fáànù àti ẹní síbẹ̀. Wọ́n ní àwọn abiyamọ márààrún jọ lọ dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, wọ́n sì ya fọ́tò. Èmi ń wá iṣẹ́. Nígbà tí mo rí ọ̀kan ní Maikunkele, lẹ́yìn odi Minna, ọ̀rọ̀ ọmú náà ti débẹ̀ ṣáájú mi. Ọ̀gá ibẹ̀ béèrè rẹ̀ lọ́wọ́ mi kó tó gbà mí.

Ọdún tó kọjá, mo pàdé àbúrò mi náà ní Kpakungu, níbi tí mo ti ń dúró de kẹ̀kẹ́. Ó pọn ọmọ rẹ̀ ìjọ́sí yẹn. Ó kúnlẹ̀ lójú títì níbẹ̀.

“Ẹ̀gbọ́n, ẹ má bínú. Màdáámù ló sọ ohun tí n ó kọ. Ó ní bí mi ò bá kọ ọ́, kí n máa lọ sílé. Mo ní ọmọ lọ́wọ́.”

“Gbogbo ohun tó o kọ ló sọ?” ni mo bi í. “Èyí tó o ní ò ń yẹra fún mi ńkọ́?”

Ó sunkún. Mo ti mọ èsì náà. Nígbà tó dìde, ó tú ọmọ, ó nà án sí mi kí n gbé e, kí n ṣàdúrà fún un. Mo gbé e. Ó ti di ọmọ ńlá, ó fi ọwọ́ fa irùngbọ̀n mi. Mo ní kí Ọlọ́run wò ó. Mo gbé e lé ìyá rẹ̀ lọ́wọ́, mo wọ kẹ̀kẹ́.

Ó ń pè mí. Mo ní kí oníkẹ̀kẹ́ máa lọ.